OJÚ LỌ̀RỌ̀ WÀ: IPA AYÀWÒRÁN NÍNÚ IṢẸ́ FÍÌMÙ TÚNDÉ KÈLÁNÍ

1. Ìfáárà

Láti ìgbà tí fíìmù Yorùbá ti di ohun tí à ń kọ́ ní àwọn ẹ̀ka ìmọ̀ èdè ní yunifásítì, ọwọ́ tí a fi ń mú lítíréṣọ̀ ni a fi ń mú un. Kókó ọ̀rọ̀, ìfìwàwẹ̀dá, òwe, oríkì, àyájọ́ àti ìlò ìlù ni lámèyítọ́ máa ń wá kiri inú fíìmù. Bí ó bá ti rí wọn, ó gbà pé òun ti rí fíìmù náà. Irú ìwádìí bẹ́ẹ̀ ní èrè tirẹ̀, kò sì sí ẹni tí yóò ní kí á dá a dúró. Ṣùgbọ́n ẹnì kan wà tí ó máa ń bọ́ sọnù níbẹ̀. Ẹni tí ó di kámẹ́rà mú, tí ó pinnu ibi tí òǹwòran yóò ti máa wo ìran, ohun tí yóò rí àti ìgbà tí yóò rí i, kì í sábà ní ju ìlà kan lọ nínú àgbéyẹ̀wò. Orúkọ rẹ̀ a máa sáré kọjá ní ìparí fíìmù, ibẹ̀ náà ni a sì ń fi í sílẹ̀ sí.

Bébà yìí yẹ iṣẹ́ Túndé Kèlání wò láti ojú ìwòye ayàwòrán. Èkó ni a ti bí Kèlání ní ọdún 1948, Abẹ́òkúta ni ó sì gbé dàgbà lọ́dọ̀ àwọn òbí rẹ̀ àgbà. Kí ó tó di olùdarí tí àwọn ènìyàn mọ̀ káàkiri, ó ti fi nǹkan bí ogún ọdún ya àwòrán fún iṣẹ́ àwọn ẹlòmíràn. Ìbéèrè tí ó wà nílẹ̀ ni pé, ṣé àkókò ìkọ́ṣẹ́ lásán ni ogún ọdún yẹn, tàbí inú rẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n ìsọ̀tàn rẹ̀ ti ṣẹ̀ wá? Èrò bébà yìí ni pé inú rẹ̀ ni ó ti ṣẹ̀ wá, àti pé lámèyítọ́ tí ó bá fo ìpele yìí dá, ọ̀rọ̀ ẹnu òṣèré nìkan ni ó gbé yẹ̀ wò, kò tí ì dé ìdí fíìmù.

Àwọn onímọ̀ iṣẹ́ ọnà Yorùbá ti jẹ́ kí ó di mímọ̀ pé ojú méjì ni oníṣẹ́ ọnà nílò. Ojú-inú ni ó fi ń mọ ìwà àti ìtumọ̀ ohun tí ó fẹ́ gbé jáde; ojú-ọnà ni ó fi ń mọ bí yóò ti rí, ibi tí yóò tóbi, ibi tí yóò tẹ́ẹ́rẹ́ àti ibi tí yóò dán. Nínú iṣẹ́ lámèyítọ́ fíìmù wa, a ti pín ojú méjèèjì fún ẹni méjì. A fún òǹkọ̀wé ní ojú-inú, a fún ayàwòrán ní ojú-ọnà, lẹ́yìn náà ni a wá ń ṣe bí ẹni pé ojú-ọnà kì í ṣe ojú tí ń ronú. Iṣẹ́ Kèlání jẹ́ ẹ̀rí pé ìpín yìí kò tọ́.

2. Èrò tí ó gbilẹ̀

Ohun tí a sábà máa ń gbọ́ nípa Kèlání ni pé ẹni tí ń gbé ìwé lọ sínú fíìmù ni, àti pé ọlá àwọn òǹkọ̀wé ni ó ń jẹ. Ẹ̀rí èrò yìí kò ṣòro láti rí. Akínwùmí Ìṣọ̀lá ni ó kọ Kòṣeégbé tí ó di fíìmù ní 1995, òun ni ó kọ Ó Le Kú tí ó di fíìmù ní 1997, òun náà ni ó sì kọ ìtàn Ṣaworoidẹ ti 1999. Ìtàn Adébáyọ̀ Fálétí ni ó wà ní ìdí fíìmù mágùn tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Thunderbolt, tí ó jáde ní 2001. Ìwé Báyọ̀ Adébọ̀wálé ni a fi ṣe The Narrow Path, ìwé ìtàn Fẹ́mi Ọ̀ṣọ́fisan ni a fi ṣe Maami ti 2011, ìwé Ọláyínká Egbokhare sì ni a fi ṣe Dazzling Mirage. Ẹni tí ó bá wo àkójọ yìí lè sọ pé ọ̀rọ̀ ti délẹ̀ kí kámẹ́rà tó dé.

Òtítọ́ wà nínú èyí, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo òtítọ́. Ọ̀ràn Ó Le Kú nìkan tó láti fi hàn. Ọdún 1974 ni ìwé náà jáde. Fún ọdún mẹ́tàlélógún gbáko ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fi kà á ní ilé-ìwé, tí wọ́n ń jiyàn nípa Àjàní àti àwọn obìnrin mẹ́ta, Àṣàkẹ́, Lọlá àti Ṣadé, tí ọkàn rẹ̀ ń ṣe ségesège láàrin wọn. Nígbà tí fíìmù jáde ni àwọn obìnrin ṣẹ̀ṣẹ̀ tún bẹ̀rẹ̀ sí í rán ìró kékeré àti bùbá ayé àtijọ́, tí wọ́n sì ń pe aṣọ náà ní ‘Ó le kú’. Ìtàn kan náà ni, àwọn ẹ̀dá-ìtàn kan náà ni. Ohun tí ó yí padà ni pé ojú ti rí ohun tí etí ti ń gbọ́. Bí ìwé bá sì wà fún ọdún mẹ́tàlélógún tí kò yí aṣọ ọrùn ẹnikẹ́ni padà, tí fíìmù wá yí i padà láàrin oṣù díẹ̀, a kò lè sọ pé ẹrù òǹkọ̀wé ni fíìmù rù láti ibì kan dé ibì kejì, kí á sì dúró níbẹ̀.

3. Ibi tí ojú ti kọ́ṣẹ́

Ilé-ẹ̀kọ́ mẹ́rin ni a lè sọ pé ojú Kèlání gbà kọjá. Àkọ́kọ́ ni iṣẹ́ fọ́tò. Láti kékeré ni ó ti ní ìfẹ́ sí i, nígbà tí ó sì jáde ilé-ìwé gíga, ó kọ́ ọ bí ọmọ-iṣẹ́. Fọ́tò kò lè rìn, kò sì lè sọ̀rọ̀. Ohunkóhun tí yóò bá sọ, inú ètò àwòrán ni yóò ti sọ ọ́. Nínú fọ́tò àgbà ní ilẹ̀ Yorùbá, ẹni tí à ń yà a jókòó tààrà, aṣọ rẹ̀ a tẹ́ rẹrẹ, ọwọ́ rẹ̀ a wà lórí eékún, gbogbo ara rẹ̀ a sì hàn láti orí dé ẹsẹ̀. Ipò ni fọ́tò bẹ́ẹ̀ ń sọ. Ẹni tí ó bá wo ìran ààfin nínú Ṣaworoidẹ tàbí Agogo Èèwọ̀ (2002) yóò rí i pé ètò ìjókòó ọba àti ìjòyè ti sọ púpọ̀ nípa àṣẹ kí ẹnikẹ́ni tó la ẹnu.

Ìkejì ni Western Nigeria Television ní Ìbàdàn, ilé-iṣẹ́ amóhùnmáwòrán àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ 31 oṣù Ọ̀wàwà 1959. Ibẹ̀ ni Kèlání ti kọ́ iṣẹ́ kámẹ́rà. Lórí amóhùnmáwòrán ìgbà náà, eré orí ìtàgé ni àwọn ẹgbẹ́ òṣèré alárìnkiri máa ń gbé wá, kámẹ́rà a sì dúró ní ipò òǹwòran tí ó jókòó sí iwájú ìtàgé. Ìwúlò irú ìdúró bẹ́ẹ̀ ni pé ó bu ọlá fún òṣèré. Àbùkù rẹ̀ ni pé ó sọ kámẹ́rà di àlejò tí kò gbọdọ̀ wọ yàrá.

Ìkẹta ni ilé-ẹ̀kọ́ fíìmù ní Lọ́ńdọ̀nù, níbi tí ó ti gba ìwé ẹ̀rí nínú iṣẹ́ ọnà àti ọgbọ́n ìṣe fíìmù. Ìkẹrin ni iṣẹ́ ìròyìn. Ó ṣiṣẹ́ fún BBC àti Reuters, ó lọ sí Ethiopia nígbà ọ̀dá, ó sì lọ sí Zimbabwe ní àkókò tí orílẹ̀-èdè náà ń múra àti gba òmìnira ní 1980. Ayàwòrán ìròyìn kò lè ní kí ìṣẹ̀lẹ̀ tún ara rẹ̀ ṣe. Bí ó bá jẹ́ fíìmù mílímítà 16 ni ó ń lò, okùn fíìmù tí gígùn rẹ̀ jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 400 kì í ju ìṣẹ́jú mọ́kànlá lọ. Nítorí náà, ó gbọ́dọ̀ mọ ohun tí ó ṣe pàtàkì kí ó tó tẹ bọ́tìnì, kí ó sì mọ ìgbà tí ó yẹ kí ó dáwọ́ dúró. Ìkóra-ẹni-níjàánu yìí kò fi í sílẹ̀ mọ́.

4. Iṣẹ́ fún àwọn ẹlòmíràn

Ní 1976 ni Àjàní Ògún, tí Ọlá Balógun darí, ṣí ọ̀nà fún fíìmù ní èdè Yorùbá. Láàrin ọdún mẹ́wàá sí i, àwọn ọ̀gá eré alárìnkiri bíi Hubert Ògúndé, Adéyẹmí Afọláyan tí a mọ̀ sí Adé Love, àti Moses Ọláìyá tí a mọ̀ sí Bàbá Sàlá ti gbé eré wọn kúrò lórí ìtàgé lọ sínú fíìmù. Àkókò yìí ni Kèlání ya àwòrán fún ọ̀pọ̀lọpọ̀ fíìmù, lára wọn ni Aníkúrá, Ogun Àjàyè, Ìyá ni Wúrà, Taxi Driver, Ìwà àti Fọpomóyọ̀.

Ìṣòro ayàwòrán nígbà náà kò kéré. Òkè òkun ni wọ́n ti ń fọ fíìmù, nítorí náà ayàwòrán kì í rí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ títí ọjọ́ púpọ̀ yóò fi kọjá. Bí àṣìṣe bá wà, àwọn òṣèré ti lè túká. Èkejì ni ọ̀ràn àwọ̀. Awọ ara òyìnbó ni àwọn ilé-iṣẹ́ tí ń ṣe fíìmù aláwọ̀ fi ń díwọ̀n rẹ̀ ní àwọn ọdún wọ̀nyẹn. Bí ènìyàn dúdú bá dúró nínú oòrùn ọ̀sán gangan pẹ̀lú aṣọ funfun lọ́rùn, aṣọ a máa tàn, ojú a sì máa dúdú bí ihò. Ayàwòrán tí ó bá fẹ́ kí ìbànújẹ́ hàn lójú ìyá arúgbó lábẹ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀, tàbí kí àdìrẹ àti awọ ara má ṣe wọ inú ara wọn lálẹ́, ìwé tí a tẹ̀ ní ilẹ̀ òkèèrè kò ràn án lọ́wọ́ tó. Ojú ara rẹ̀ ni yóò fi wọn ìmọ́lẹ̀. Ìmọ̀ yìí kò sí nínú ìwé eré kankan, bẹ́ẹ̀ ni lámèyítọ́ tí ń ka ìwé eré kò lè bá a pàdé.

Owó ni ó dá ọ̀nà yìí dúró. Lẹ́yìn ètò àtúntò ọrọ̀-ajé ti 1986, náírà já wálẹ̀, fíìmù àti ìfọ̀ rẹ̀ sì di ohun tí apá kò ká mọ́. Àwọn ajíṣẹ́-ọnà-tà náà tún wà: gbogbo ayé ni ó mọ àdánù tí wọ́n kó bá Bàbá Sàlá lórí Ọ̀run Móoru. Nígbà tí fídíò dé, ọ̀pọ̀ ayàwòrán fíìmù rí i bí ìrẹ̀sílẹ̀. Kèlání kò kọ̀ ọ́. Ó dá ilé-iṣẹ́ Mainframe sílẹ̀, tí ó tún ń jẹ́ Òpómúléró, ó sì gbé ìwà ẹni tí ń ṣọ́ fíìmù lò lọ sínú fídíò tí ó pọ̀ bí omi. Èyí ni ó ya iṣẹ́ rẹ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára ọ̀pọ̀ fídíò ìgbà náà, nínú èyí tí kámẹ́rà kàn ń tẹ̀ lé ẹni tí ń sọ̀rọ̀ kiri yàrá ìgbàlejò.

5. Ohun tí kámẹ́rà kò lè yà

Bí a bá to àwọn fíìmù Kèlání sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn, ohun kan yóò hàn. Ní ọ̀pọ̀ ìgbà, agbára tí ń pa ènìyàn nínú wọn kò ṣeé fojú rí. Nínú Ti Olúwa Nilẹ̀ (1993), tí Kareem Adépọ̀jù, Bàbá Wándé, kọ ìtàn rẹ̀, àwọn kan ta ilẹ̀ ọ̀wọ̀ fún àwọn tí ó fẹ́ kọ́ ilé epo, ikú sì bẹ̀rẹ̀ sí í mú wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Nínú Ṣaworoidẹ, ọba tí kò gba gbẹ́rẹ́ ìbúra kò gbọdọ̀ dé adé idẹ kí ìlù ṣaworoidẹ sì dún; bí ó bá dún, orí fífọ́ ni yóò pa á. Nínú Thunderbolt, mágùn ni. Nínú Agogo Èèwọ̀, ohùn agogo ni. Ilẹ̀, ìlù, mágùn, agogo: kò sí ọ̀kan tí ó ní ọwọ́ tí a lè yà níbi tí ó ti ń ṣe iṣẹ́ náà.

Ó yẹ kí èyí ya ni lẹ́nu. Ẹni tí gbogbo iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ àwòrán yíyà ni ó ń yan ìtàn tí kókó rẹ̀ kò ṣeé yà. Ògúndé ti bá irú ìṣòro yìí pàdé nínú Ayé (1979), ohun tí ó sì ṣe ni pé ó fi ọgbọ́n ẹ̀rọ hàn wá: àjẹ́ yọ, àjẹ́ pòórá. Òǹwòran rí agbára náà lójúkorojú, ẹ̀rù sì bà á. Ọ̀nà tí Kèlání gbà yàtọ̀. Nínú àwọn fíìmù rẹ̀ tí ó dára jù lọ, ó fi agbára náà sílẹ̀ níbi tí ó wà, ó wá ya ohun tí ó wà ní àyíká rẹ̀ pẹ̀lú sùúrù, títí òǹwòran fúnra rẹ̀ yóò fi so okùn pọ̀.

Ikú Lágàta nínú Ṣaworoidẹ fi èyí hàn kedere. Lápité ti fi ìwọra ta ìlú Jogbo àti igbó gẹdú rẹ̀, Lágàta ológun sì ti gba ìjọba. Ó dé adé. Ìlù dún. Ó kú. Ẹnikẹ́ni kò fọwọ́ kàn án. Bí a bá kà á nínú ìwé, gbólóhùn kan tó láti sọ fún wa pé ìlù ni ó pa á. Nínú fíìmù, kò sí ẹni tí ó lè sọ bẹ́ẹ̀ fún wa ní ìṣẹ́jú náà láì ba ìran jẹ́. Àwòrán ni ó gbọ́dọ̀ so ìlù mọ́ adé, kí ó so adé mọ́ orí. Èyí kò sì lè ṣeé ṣe ní ìparí bí kò bá ti bẹ̀rẹ̀ láti ìpilẹ̀ṣẹ̀, níbi tí a ti fi májẹ̀mú ọba àti Àyàn hàn wá. Ìlù náà kò gbọdọ̀ jẹ́ ohun èlò ijó lásán lójú wa; a ti gbọ́dọ̀ mọ̀ ọ́n bí a ti ń mọ ènìyàn. Nígbà tí Lágàta ṣubú, ohun tí a rí ti pé: adé, ìlù, ara tí ó wó. Ohun tí a kò rí ni ó sì pa á.

Ọ̀rọ̀ òṣèlú tí ó wà nínú fíìmù náà dúró lórí ọgbọ́n yìí. Ní 1999, ọdún tí àwọn ológun gbé ìjọba sílẹ̀ ní Nàìjíríà, fíìmù kan sọ pé àdéhùn láàrin aláṣẹ àti ìlú ní agbára ju ìbọn lọ. Bí ó bá jẹ́ ẹnu nìkan ni ó fi sọ ọ́, ìwàásù ni yóò jẹ́. Ohun tí ó mú kí òǹwòran gbà á ni pé ó ti fi ojú ara rẹ̀ rí ọkùnrin tí ó ní ìbọn tí ó ṣubú níwájú ìlù.

Àwọn tí ń yin fíìmù yìí nítorí òwe inú rẹ̀ yóò tọ́ka sí Bàbá Ọ̀pálábá, tí Fálétí kó ipa rẹ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ojú lọ̀rọ̀ wà. Ọ̀pálábá a máa sọ ọ̀rọ̀ tí ó ní ìdí méjì, ẹni tí ó bá sì gbọ́ ohùn rẹ̀ nìkan lè mú ìdí kan kí ó fi èkejì sílẹ̀. Ojú akéwì àgbà náà ni ó ń sọ fún wa pé ẹ̀rín rẹ̀ kì í ṣe ẹ̀rín, kámẹ́rà tí ó mọ̀ pé ó yẹ kí òun dúró sórí ojú yẹn sì ti ṣe ìtumọ̀ kí lámèyítọ́ tó dé.

6. Àléébù, àti ọ̀rọ̀ ẹni tí ó ni ọwọ́

Ọgbọ́n yìí kì í jẹ́ ní gbogbo ìgbà. Ó nílò ohun kan tí ojú lè dì mú: ìlù, ilẹ̀, agogo, igbá arugbá tí ó wà lórí Adétutù nínú Arugbá, fíìmù tí a gbé ka orí àjọ̀dún Ọ̀ṣun. Níbi tí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ kò sí, ọ̀rọ̀ ẹnu a gba ipò. Nínú Dazzling Mirage, ẹ̀kọ́ nípa àrùn fòníkú-fọ̀ladìde ṣe pàtàkì, ìyà tí ń jẹ Fúnmiwò sì jẹ́ òtítọ́. Síbẹ̀, ìjíròrò ni ó ru ẹrù púpọ̀ jù nínú rẹ̀, kámẹ́rà sì padà di àlejò tí ó jókòó síwájú ìtàgé. Kì í ṣe pé ayàwòrán ti gbàgbé iṣẹ́. Ìlànilọ́yẹ̀ ń fẹ́ kí gbogbo nǹkan yé ènìyàn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, ọgbọ́n Kèlání sì wà nínú ohun tí kò fẹ́ tètè yéni.

Ẹnì kan lè tún sọ pé ní àwọn fíìmù ìgbà tí ó dé kẹ́yìn, àwọn mìíràn ni ó di kámẹ́rà mú lábẹ́ ìdarí Kèlání, nítorí náà a kò lè máa pe ojú inú wọn ní ojú tirẹ̀. Iṣẹ́ agbẹ́gilére lè là wá lọ́yẹ̀. Nínú agbo ilé agbẹ́gilére, ọ̀gá ni ó máa ń ṣá igi ní àkọ́kọ́ tí ìrísí ère yóò fi yọ. Ọmọ-iṣẹ́ lè dán an, ó lè fín ojú àti ilà sí i. Síbẹ̀, ẹni tí ó mọ ọwọ́ ọ̀gá yóò mọ ibi tí ère ti wá. Èyí kò sọ pé kí á pa orúkọ ọmọ-iṣẹ́ rẹ́. Kàkà bẹ́ẹ̀, ìdí rèé tí ó fi yẹ kí á mọ ẹni tí ó ya fíìmù kọ̀ọ̀kan, kí á lè mọ ibi tí ọwọ́ ọ̀gá parí sí àti ibi tí ti ẹlòmíràn ti bẹ̀rẹ̀. Bí a ti ṣe sí Kèlání nígbà tí ó ń ya fíìmù fún Adé Love kò yẹ kí á tún ṣe é sí àwọn tí ó kọ́ iṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀.

7. Ìkádìí

Ewu tí ó wà nínú ọ̀rọ̀ yìí ju ti àríyànjiyàn inú yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ lọ. Ẹ̀dà fíìmù mílímítà 16 tí àwọn ẹgbẹ́ òṣèré gbé kiri kò pọ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì ti bàjẹ́ tàbí kí ó sọnù. Èyí tí ó kù, ẹ̀dà fídíò tí àwọ̀ rẹ̀ ti ṣí ni a sábà máa ń rí. Bí ó bá jẹ́ ìtàn àti òwe nìkan ni a ń wá, kò sí ohun tí yóò dàbí àdánù lójú wa, nítorí pé ìtàn ṣì ṣeé tẹ̀ lé nínú ẹ̀dà tí ó burú jù lọ. Ìmọ́lẹ̀ tí ayàwòrán wọ̀n, ojú tí ó yọ kedere láti inú òkùnkùn, ètò ìjókòó tí ó sọ ipò, gbogbo rẹ̀ yóò ti lọ, a ó sì máa kọ bébà lọ bí ẹni pé kò sí ohun tí ó ṣẹlẹ̀.

Nítorí náà, ohun mẹ́ta ni ó tọ́ sí lámèyítọ́ fíìmù Yorùbá. Kí ó dárúkọ ayàwòrán bí ó ti ń dárúkọ òǹkọ̀wé. Kí ó sọ irú ẹ̀dà tí ó wò, bóyá fíìmù ni tàbí fídíò, àti bí ó ti rí. Kí ó sì fi ojú wo ìran kan, ó kéré tán, láìgbọ́ ohùn rẹ̀, kí ó tó kọ ohunkóhun nípa ọ̀rọ̀ inú rẹ̀. Àwọn àgbà ní gbẹ́nàgbẹ́nà ti ṣe tirẹ̀ tán, ó ku ti gbẹ́nugbẹ́nu. Ní ti Kèlání, gbẹ́nàgbẹ́nà ti ń ṣe tirẹ̀ láti ìgbà tí ó ti di kámẹ́rà mú ní Ìbàdàn. Gbẹ́nugbẹ́nu ni kò tí ì wo ère náà tán.